Kíkágò Kí A Tó Wọlé: Ìbéèrè Kan Lórí Wíwá Àwòrán Àtijọ́ fún Fíìmù

Nínú orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ tí ó máa ń yí gòkè lójú amóhùnmáwòrán nígbà tí fíìmù bá parí, orúkọ kan wà tí ọ̀pọ̀ òǹwòran kì í dúró kà. Òun ni orúkọ ẹni tí ó wá àwòrán àtijọ́. Nínú fíìmù dọ́kúmẹ́ńtárì, èyí tí ó ń sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ lóòótọ́ tí kì í ṣe eré àgbéléwò, iṣẹ́ ẹni yìí kò kéré. Bí olùdarí fíìmù bá sọ pé òun fẹ́ fi hàn bí ọjà ìlú kan ṣe rí ní ọdún 1938, tàbí bí ogun ṣe wọ ìlú mìíràn ní ọdún 1967, kò lè gbé kámẹ́rà lọ síbẹ̀ mọ́. Ẹnì kan ni yóò wá ibi tí àwòrán náà wà, tí yóò mọ ẹni tí ó ni ín lábẹ́ òfin, tí yóò dúnàádúrà lórí iye owó, tí yóò sì gba ìwé àṣẹ. Ìbéèrè méjì ni iṣẹ́ náà gbé ka iwájú rẹ̀: níbo ni ó wà? ta ni ó ni ín? Èrò tí a fẹ́ gbé yẹ̀ wò nínú àròkọ yìí ni pé ìbéèrè kẹta wà tí ó yẹ kí ó ṣáájú méjèèjì, tí òfin kò sì fi dandan lé e pé kí ẹnikẹ́ni béèrè: ta ni ẹni tí a ń wò yìí?

Kí a tó dé orí ìbéèrè náà, ó dára kí a mọ bí iṣẹ́ ọ̀hún ṣe ń lọ. Olùwá àwòrán yóò kọ́kọ́ ka ìwé àkójọ ilé ìpamọ́ fíìmù. Ohun tí yóò bá níbẹ̀ kì í sábà ju gbólóhùn méjì mẹ́ta lọ, èyí tí ẹnì kan ti kọ sí ara agolo fíìmù láti ọjọ́ pípẹ́: ibi tí a ti yà á, ọdún, ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀. Bí ó bá rò pé ó jọ ohun tí òun ń wá, yóò béèrè fún ẹ̀dà tí a kọ nọ́ńbà sí lójú kí ẹnikẹ́ni má baà jí i lò. Lẹ́yìn èyí ni ìdúnàádúrà yóò bẹ̀rẹ̀. Ìṣẹ́jú àáyá mélòó ni ẹ fẹ́? Orílẹ̀-èdè wo ni ẹ ó ti fi hàn? Fún ọdún mélòó? Ṣé orí amóhùnmáwòrán nìkan ni, àbí orí íntánẹ́ẹ̀tì pẹ̀lú? Ọ̀kọ̀ọ̀kan ló ní iye tirẹ̀.

Ohun tí irú àdéhùn báyìí lè dá sílẹ̀ hàn kedere nínú ọ̀rọ̀ "Eyes on the Prize", fíìmù alápá mẹ́rìnlá tí Henry Hampton àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe lórí ìjàkadì àwọn aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà fún ẹ̀tọ́ wọn. Ìpín kìíní jáde ní 1987, ìkejì ní 1990. Kò pẹ́ kò jìnnà, àṣẹ tí wọ́n gbà lórí ọ̀pọ̀ àwòrán àti orin inú rẹ̀ tán, kò sì sí owó láti gba òmíràn. Fíìmù tí àwọn olùkọ́ ń fi kọ́ ọmọ ní ìtàn wá di ohun tí kò ṣeé fi hàn lórí amóhùnmáwòrán mọ́, títí di 2006, lẹ́yìn tí àwọn afúnni-lówó bíi Ford Foundation ti dá sí i. Àwọn tí wọ́n rìn lójú pópó tí ajá ọlọ́pàá bù jẹ kò sí lára àwọn tí a ń bá dúnàádúrà ní gbogbo àkókò yìí. Ojú wọn ni ọjà; ẹlòmíràn ni ọlọ́jà.

Yorùbá a máa wí pé ẹni tí ó ni ẹrú ni ó ni ẹrù. Ayé tí ó bí òwe yìí ti kọjá, ṣùgbọ́n òun gan-an ni òfin tí ó ń darí àwòrán àtijọ́ ilẹ̀ wa: ẹni tí ó ni kámẹ́rà ló ni ohun tí kámẹ́rà rí. Ní 1939 ni ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dá Colonial Film Unit sílẹ̀. William Sellers, òṣìṣẹ́ ìlera tí ó ti ń fi sinimá kọ́ àwọn ará Nàìjíríà ní ìmọ́tótó, ni ó sì di ọ̀gá ibẹ̀. Nígbà tí ó yá, wọ́n ń fi kámẹ́rà àti fíìmù òfìfo ránṣẹ́ sí àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ní ilẹ̀ Áfíríkà. Àwọn wọ̀nyí á ya ohun tí wọ́n bá rí, wọ́n á dá a padà sí Lọ́ńdọ̀nù, níbẹ̀ ni a ó ti fọ̀ ọ́ tí a ó sì tò ó. Ojúlówó fíìmù náà kò bá ẹni tí a yà gbé ìlú kan náà rí. Ní apá ibi tí Faransé ń ṣàkóso, òfin tí a fi orúkọ Laval pè, ti ọdún 1934, sọ pé kò sí ẹni tí ó gbọdọ̀ ya fíìmù láìgba àṣẹ ìjọba. Ìdí nìyí tí Paulin Soumanou Vieyra, tí a bí ní Àjàṣẹ́ tí ayé ń pè ní Porto-Novo, àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ fi lọ ya "Afrique-sur-Seine" ní ìlú Paris ní 1955, nígbà tí wọn kò rí àyè ya fíìmù nílé.

Láàárín 2007 sí 2010, àwọn onímọ̀ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe ìwé àkójọ ńlá kan lórí fíìmù ilẹ̀ ọba wọn àtijọ́. Àwọn fíìmù inú rẹ̀ lé ní 6,000. Iṣẹ́ gidi ni, a kò sì lè ṣàìdúpẹ́. Ṣùgbọ́n ìwé àkójọ kò lè fi bẹ́ẹ̀ ju ohun tí ayafíìmù kọ sílẹ̀ lọ. A óò rí orúkọ ajẹ́lẹ̀, a óò rí ti gómìnà, a óò rí ti ọba bí òkìkí rẹ̀ bá kàn. Àwọn yòókù a di "obìnrin", "alágbàṣe", "àwọn ará abúlé". Ẹ wo "Daybreak in Udi", fíìmù ọdún 1949 tí ó gba ẹ̀bùn Oscar. Ó sọ bí àwọn ará abúlé kan ní agbègbè Údì, ní ilẹ̀ Ìgbò, ṣe kọ́ ilé ìgbẹ̀bí. Ajẹ́lẹ̀ E. R. Chadwick ṣeré nínú rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ara rẹ̀. Ibì kan wà nínú rẹ̀ tí àwọn tí kò fẹ́ ilé ìgbẹ̀bí náà gbé egúngún wọ̀ láti dẹ́rù ba agbẹ̀bí. Ìtàn gidi wà nídìí fíìmù náà, ṣùgbọ́n a tún un ṣe fún kámẹ́rà ni. Olùwá àwòrán tí ó ń wá ìṣẹ́jú àáyá mẹ́jọ "egúngún Ìgbò láyé amúnisìn" lè gé ibẹ̀ kí ó sì gbé e lọ, láìmọ̀ pé eré ni òun gbé. A ó padà sórí èyí.

Báwo ni àwọn baba wa ṣe wo àwòrán ẹni? Ní Ọ̀wọ̀, bí ẹni ńlá bá kú, àwọn ọmọ rẹ̀ lè ṣe àkó fún un. A ó gbẹ́ ère tí ó jọ olóògbé náà lójú àti ní ìdúró, a ó wọ̀ ọ́ láṣọ olówó iyebíye, a ó sì gbé e yí ìlú ká kí a tó sin ín. Àwọn ọmọ ni wọ́n ń pa á láṣẹ, àwọn ni wọ́n ń náwó rẹ̀, àwọn náà ni wọn yóò sọ bóyá ó jọ baba àwọn tàbí kò jọ ọ́. Gbẹ́nàgbẹ́nà gba owó iṣẹ́ rẹ̀, ọ̀rọ̀ tirẹ̀ parí síbẹ̀. Lójú àṣà yìí, àwòrán ẹni kì í ṣe ohun-ìní ẹni tí ó ṣe é. Ó jẹ́ apá kan nínú ohun tí ẹni náà fi sáyé lọ, gẹ́gẹ́ bí orúkọ rẹ̀. A kò sọ pé kí a gbé ìlànà àkó lé fíìmù lórí bẹ́ẹ̀. Àwọn ọmọ ni wọ́n béèrè ère, àlejò ni ó sì sábà máa ń gbé kámẹ́rà wá. Ohun tí àkó jẹ́ kí a rí ni pé ọ̀nà mìíràn wà láti ronú lórí ọ̀rọ̀ yìí, èyí tí kò bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ ẹni tí irinṣẹ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Àṣà mìíràn tí ó tilẹ̀ sún mọ́ ohun tí a ń wí jù bẹ́ẹ̀ lọ ni kíkágò. Ẹni tí ó bá dé ẹnu ọ̀nà agboolé a kágò: "Àgò onílé o!" Yóò dúró gbọ́ "Àgò yà" kí ó tó wọlé. Bí kò bá rí ẹnikẹ́ni, yóò tún un kí. Bí kò bá tún gbọ́ èsì, ó lè bi aládùúgbò léèrè, ó lè padà lọ, ó sì lè wọlé bí ọ̀rọ̀ bá jẹ́ ti kíákíá, bí iná bá ń jó. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó kágò tí kò gbọ́ èsì yàtọ̀ pátápátá sí ẹni tí kò kágò rárá, bí àwọn méjèèjì tilẹ̀ bá ara wọn nínú iyàrá kan náà. Orí ìyàtọ̀ yìí ni àròyé wa dúró lé. A kò ní kí àwòrán àtijọ́ di èèwọ̀. Ohun tí a ń béèrè ni pé kí ẹni tí yóò lò ó kọ́kọ́ kí onílé, kí ó sì lè sọ fún wa bí òun ṣe kí i.

Ẹ jẹ́ kí a mú àpẹẹrẹ kan tí ó kan Yorùbá gbọ̀ngbọ̀n. Ní 1963, Raymond Prince, oníṣègùn ọpọlọ ọmọ Kánádà, àti Frank Speed, ayafíìmù tí ó ṣe ọ̀pọ̀ fíìmù lórí àṣà Nàìjíríà, gbé fíìmù kan jáde tí àkọlé rẹ̀ ń jẹ́ "Were Ni! He Is a Madman". Ó dá lórí bí àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ Yorùbá ṣe ń tọ́jú alárùn ọpọlọ. Iṣẹ́ ìmọ̀ ni, ó sì wúlò fún ẹnikẹ́ni tí ó bá fẹ́ mọ ohun tí àwọn oníṣègùn wa mọ̀ kí ilé ìwòsàn òyìnbó tó gbilẹ̀. Ṣùgbọ́n kí a rò ó wò pé lónìí, olùwá àwòrán kan ń fẹ́ ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá "wèrè ní ilẹ̀ Áfíríkà" fún fíìmù tuntun lórí àìlera ọpọlọ. Bí ó bá rí ẹni tí ó ní ẹ̀tọ́ àdàkọ irú fíìmù báyìí, tí ó sì san owó, òfin kò ní bá a wí. Ẹni tí ó bá mọ bí Yorùbá ṣe ń fẹ́ ìyàwó ni yóò mọ ohun tí ó wà nínú ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá náà. Kí ìdílé kan tó fi ọmọ fún òmíràn, alárenà yóò wádìí: ṣé kò sí wèrè nínú ìran wọn? ṣé kò sí wárápá? ṣé kò sí ẹ̀tẹ̀? Ọ̀rọ̀ tí ìdílé kan ti bò mọ́ra fún ọgọ́ta ọdún lè di ohun tí gbogbo ayé ń wò lórí fóònù, ojú ẹni náà gbangba, ilà ojú rẹ̀ gbangba. Ọmọ-ọmọ rẹ̀ lè wà ní Ìbàdàn tàbí ní Lọ́ńdọ̀nù, kí ó máa múra ìgbéyàwó lọ́wọ́.

Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà, ní 1967, Frederick Wiseman ṣe "Titicut Follies" nípa àwọn alárùn ọpọlọ tí a há mọ́ ilé ìtọ́jú ìjọba ní Bridgewater, ní ìpínlẹ̀ Massachusetts ní Amẹ́ríkà. Ilé ẹjọ́ dá sí i. Wọ́n ní fíìmù náà tú àṣírí àwọn tí kò lè dáàbò bo ara wọn; ní 1969 wọ́n pàṣẹ pé kìkì àwọn oníṣègùn, agbẹjọ́rò, olùtọ́jú àwùjọ àti àwọn tí ń kọ́ irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni ó lè wò ó. Ó di 1991 kí adájọ́ kan tó gbẹ́sẹ̀ kúrò lórí rẹ̀. Kì í ṣe pé a fẹ́ yin ìjọba Massachusetts. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé ìwà ìkà tí ó ń lọ nínú ilé ìtọ́jú náà ni ìjọba fẹ́ bò, tí ó fi sá sẹ́yìn ọ̀rọ̀ àṣírí. Síbẹ̀, ó yẹ kí á ronú lórí nǹkan kan: fún alárùn ọpọlọ Amẹ́ríkà, ilé ẹjọ́ wà tí ó béèrè pé ta ni ó fún yín láyè. Ta ni ó kágò lẹ́nu ọ̀nà àwọn ará tiwa? Ìpààlà tí ilé ẹjọ́ náà là sì ní ọgbọ́n nínú. Àyè tí a gba olùkọ́ tàbí oníṣègùn láti wo nǹkan yàtọ̀ sí àyè tí a fún gbogbo ayé. Olùwá àwòrán gan-an ni ó máa ń gbé àwòrán kúrò ní kíláàsì lọ sí gbọ̀ngàn. Bí ìlò bá ti yí padà, ó yẹ kí a tún àyè gbà.

Ibi tí ọ̀rọ̀ yìí ti le jù ní Nàìjíríà ni àwòrán ogun abẹ́lé ti 1967 sí 1970. Láti àárín 1968 ni àwòrán àwọn ọmọ Bìáfírà tí ebi ti sọ di egungun, tí ikùn wọn wú, ti ń wọ ilé àwọn ará Yúróòpù àti Amẹ́ríkà. Títí di òní, kò sí fíìmù lórí ogun náà tí kò lo díẹ̀ nínú wọn. A kì í gbọ́ orúkọ ọmọ kan. A máa ń sọ̀rọ̀ bí ẹni pé gbogbo wọn ti kú. Ṣùgbọ́n ọmọ ọdún márùn-ún ní 1968 ti lé ní ọgọ́ta ọdún báyìí, àwọn kan nínú wọn yóò sì ti di ìyá àgbà àti bàbá àgbà. Ẹni tí ó bá sọ òkò sọ́jà, ará ilé rẹ̀ ni yóò bà. Nínú ọdún 1968 yìí kan náà, kámẹ́rà àwọn oníròyìn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ká bí ọ̀gágun kékeré kan nínú ọmọ ogun ìjọba àpapọ̀ ṣe yìnbọn pa ọmọkùnrin kan tí a ti dì lọ́wọ́. Ìjọba dá ẹjọ́ ikú fún ọ̀gágun náà, a sì yìnbọn pa òun náà níṣojú kámẹ́rà. Ikú méjì ni ó wà nínú àpótí yẹn, tí a lè rà ní ìṣẹ́jú àáyá.

Níbí ni àtakò tí ó lágbára jù ti dìde, kò sì yẹ kí a fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un. Bí kò bá sí àwòrán wọ̀nyẹn, ta ni ìbá gbà pé ebi pa ọmọdé ní Bìáfírà? Fíìmù yẹn gan-an ni ẹ̀rí tí ó mú ọ̀gágun apànìyàn náà. Bí a bá ní dandan ni kí a gba àyè lọ́dọ̀ gbogbo ẹni tí ó wà nínú àwòrán, ta ni yóò jàǹfààní bí kò ṣe apànìyàn àti ìjọba tí ó fẹ́ kí a gbàgbé? Nàìjíríà kò nílò ẹni tí yóò kọ́ ọ ní ìgbàgbé. A ti yọ ẹ̀kọ́ ìtàn kúrò nínú ìwé ìlànà ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ rí, ó di ọdún púpọ̀ kí a tó ní kí a dá a padà. Ní 2014, àjọ tí ó ń yẹ fíìmù wò dá "Half of a Yellow Sun" dúró fún oṣù díẹ̀, bẹ́ẹ̀ sì ni eré lásán ni, kì í ṣe àwòrán ogun gidi.

Àtakò yìí tọ̀nà, bí ó bá jẹ́ pé ohun tí a ń béèrè ni pé kí ojú kọ̀ọ̀kan ní agbára láti dá fíìmù dúró. Kì í ṣe ohun tí a ń béèrè nìyẹn. Bí iná bá ń jó, a lè wọlé. Oníròyìn tí ó gbé kámẹ́rà dúró ní 1968 wà lẹ́nu iná. Ojúṣe rẹ̀ ni kí ó yà á kí ayé rí i. Olùwá àwòrán tí ó jókòó nídìí kọ̀ǹpútà lónìí kò sí lẹ́nu iná. Ó ní oṣù mẹ́fà, nígbà mìíràn ọdún kan. Ó ní owó tí yóò san fún ilé ìpamọ́. Ó ń lo ọ̀sẹ̀ mẹ́ta láti wádìí ẹni tí ó jogún ẹ̀tọ́ àdàkọ ilé-iṣẹ́ ìròyìn kan tí ó ti kógbá sílé, nítorí pé bí ó bá ṣì í, a ó pè é lẹ́jọ́. Bí a bá lè wá ajogún ilé-iṣẹ́ tí ó ti kú, kí ni kò jẹ́ kí a lè fi ọ̀sẹ̀ kan wá ará ilé ènìyàn? Ìdáhùn náà kò pamọ́: ìkan lè pe ni lẹ́jọ́, ìkejì kò lè ṣe é. Ìbẹ̀rù ẹjọ́ ni ó sì fi ìyàtọ̀ sáàárín wọn, kì í ṣe ìṣòro ìwádìí. Iṣẹ́ ìwádìí náà tilẹ̀ ti rọrùn ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ní 2014, British Pathé kó fíìmù 85,000 sórí YouTube. Ohun tí ó jẹ́ pé inú yàrá ìwòran ní Lọ́ńdọ̀nù nìkan ni a ti lè rí i tẹ́lẹ̀, ẹni tí ó wà ní Ìkirè tàbí Ọ̀nìṣà lè wò ó lórí fóònù, kí ó sì sọ ẹni tí ó dá mọ̀.

Èrè kíkágò kì í ṣe ti ìwà rere nìkan. Ó kan òtítọ́ pẹ̀lú. Ní oṣù karùn-ún 1942, àwọn Násì ya fíìmù ní àdúgbò tí wọ́n há àwọn Júù mọ́ ní Warsaw, ní ilẹ̀ Pólàǹdì. Lẹ́yìn ogun, a bá a ní ilé ìpamọ́ kan ní Ìlà-Oòrùn Jámánì, kò sì ní ohùn kankan. Fún ọ̀pọ̀ ọdún ni àwọn aṣefíìmù ń gé e lò gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rí bí nǹkan ṣe rí níbẹ̀, títí kan ibi tí àwọn Júù tí ó jọ olówó ti ń jẹun tí òkú ẹbí sì wà lójú títì. Ó di 1998 kí olùwá fíìmù kan, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tó rí agolo mìíràn ní ibùdó ọmọ ogun òfurufú Amẹ́ríkà. Àwọn ìgékù ni ó wà nínú rẹ̀, ó sì hàn pé ìran kan náà ni a tún yà lẹ́ẹ̀mejì lẹ́ẹ̀mẹta, tí a ń pàṣẹ fún àwọn ènìyàn bí wọn yóò ṣe rìn. Yael Hersonski fi èyí ṣe "A Film Unfinished" ní 2010. Ohun tí ó ṣe pàtàkì jù nínú iṣẹ́ rẹ̀ lójú tiwa ni pé ó pe àwọn díẹ̀ tí wọ́n gbé àdúgbò náà rí tí wọ́n ṣì wà láàyè, ó sì ní kí wọ́n jókòó wo fíìmù náà. Àwọn ni wọ́n lè sọ pé eléyìí rí bẹ́ẹ̀, eléyìí kò rí bẹ́ẹ̀. Ọ̀kan nínú ohun tí ẹ̀rù ń bà wọ́n ni kí wọ́n má baà rí ẹni tí wọ́n mọ̀. Ẹ padà sí egúngún Údì: bí a bá fi ìran náà han àgbàlagbà agbègbè náà, kò ní ju ìṣẹ́jú kan lọ kí a tó gbọ́ pé eré ni.

Àwọn tí wọ́n tọ́jú fíìmù pẹ̀lú ní ẹ̀tọ́ tiwọn, a kò gbọdọ̀ gbójú fò ó. Fíìmù ayé àtijọ́ tí a fi náítíréètì ṣe a máa gbiná. Èyí tí ó rọ́pò rẹ̀ a máa jẹrà, a máa rùn bíi fínígà. Ìtọ́jú wọn ń gba iyàrá tútù, iná mànàmáná tí kì í lọ, àti òṣìṣẹ́ tí ó mọṣẹ́. Nígbà tí Raoul Peck, ọmọ Haiti tí ó dàgbà ní Kóńgò, ń ṣe fíìmù rẹ̀ lórí ikú Lumumba ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990, ó sọ nínú rẹ̀ bí owó tí a ń béèrè lórí àwòrán ìmúni Lumumba ṣe wọ́n tó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ohun tí ọmọ Kóńgò ń rí gbà. Ìbínú rẹ̀ tọ́. Ṣùgbọ́n nílé wa ńkọ́? Amóhùnmáwòrán bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1959. Kí ni a lè rí wò lónìí nínú ohun tí ó jáde láti ibẹ̀ ní ọdún mẹ́wàá àkọ́kọ́? Téèpù wọ́n nígbà náà, gbogbo ayé ni wọ́n sì ń pa nǹkan rẹ́ lórí rẹ̀ láti fi tún un lò, títí kan BBC. "Shaihu Umar", fíìmù Hausa tí Adamu Halilu ṣe ní 1976 láti inú ìwé Abubakar Tafawa Balewa, ni a ti rò pé ó ti sọnù kí a tó bá a ní ilé ìpamọ́ ìjọba ní Jos ní 2016. Berlin ni a ti tún un ṣe, níbẹ̀ náà ni a sì ti fi í hàn ní 2018. Ẹni tí ó bá tọ́jú nǹkan kò ṣàìní ẹ̀tọ́ láti gba owó iṣẹ́. Owó ìtọ́jú ni. Kò yẹ kí ó di owó orí ẹni tí ó wà nínú àwòrán.

Kíkágò yìí ṣeé ṣe. Ní New Zealand, ilé ìpamọ́ fíìmù tí a ń pè ní Ngā Taonga kì í kàn gba owó lórí àwòrán àwọn Māori kí ó sì kó o fún oníbàárà. A gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ bá ẹ̀yà tàbí ìdílé tí ó kàn sọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń lò fún ipò yìí ni "kaitiaki", èyí tí ó súnmọ́ ohun tí àwa ń pè ní alágbàtọ́. Ó ń fa ìdádúró, àwọn aṣefíìmù a sì máa ráhùn, ṣùgbọ́n fíìmù ń jáde. Ní Ọsirélíà, àwọn ilé-iṣẹ́ amóhùnmáwòrán a máa kọ́kọ́ kìlọ̀ fún àwọn ọmọ onílẹ̀ pé ojú tàbí ohùn òkú lè wà nínú ohun tí ó ń bọ̀. Èyí kéré sí àgò, ó sì dára ju dídákẹ́ lọ.

Ó yẹ kí a sọ díẹ̀ nípa ohun tuntun tí ó dé. Ẹ̀rọ lè dá àwòrán "àtijọ́" sílẹ̀ nísinsìnyí láìsí pé ẹnikẹ́ni dúró níwájú kámẹ́rà rí. Àwọn kan ń rò pé èyí yóò yanjú wàhálà wa, nítorí ojú tí kò sí kò ní ìdílé. Ní 2024, ẹgbẹ́ àwọn olùwá àwòrán ní Amẹ́ríkà, Archival Producers Alliance, gbé ìlànà jáde pé kí a máa jẹ́ kí òǹwòran mọ ibi tí a bá ti lo irú àwòrán bẹ́ẹ̀. Èrò wa kò jìnnà sí tiwọn. Ẹni tí kò fẹ́ kágò tí ó wá lọ kọ́ ilé òfìfo fúnra rẹ̀ kò tíì ṣe àbẹ̀wò sọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni.

Àwọn tí ó lè ṣe jù nínú iṣẹ́ yìí ni àwọn tí ń kọ́ni ní èdè. Ọ̀pọ̀ fíìmù Colonial Film Unit kò ní ohùn. Ọkọ̀ sinimá ni a fi ń gbé wọn kiri, ògbufọ̀ kan a sì máa fi èdè ìlú ṣàlàyé wọn bí wọ́n ti ń lọ. Ohùn àwọn ògbufọ̀ wọ̀nyẹn, tí ì bá jẹ́ ìṣúra fún wa, kò sí lórí fíìmù. Ṣùgbọ́n ojú àwọn tí a yà wà níbẹ̀. Ibi tí ìwé àkójọ ti sọ pé "obìnrin mẹ́ta ní ọjà", ẹni tí ó mọ ilà ojú lè rí àbàjà lójú ọ̀kan, kí ó rí pélé lójú èkejì, kí ó sì bẹ̀rẹ̀ ìwádìí láti ibẹ̀. Pẹ̀lú ìṣọ́ra, nítorí pé ogun àti òwò ẹrú ti kó ilà kúrò nílé rẹ̀. Nínú àwọn fíìmù tí ó ní ohùn, ìwé àkójọ a máa sọ pé "orin ìbílẹ̀" tí ó sì jẹ́ pé oríkì ni obìnrin kan ń ki: orúkọ ẹni, orúkọ baba ẹni, orúkọ ìlú, gbogbo rẹ̀ wà níbẹ̀ ketekete. Akẹ́kọ̀ọ́ Yorùbá tí a fún ní ìṣẹ́jú mẹ́ta irú fíìmù bẹ́ẹ̀ láti dà kọ yóò fún olùwá àwòrán ní àdírẹ́sì tí kò mọ̀ pé ó wà lọ́wọ́ òun. Bákan náà ni fún Ìgbò, Hausa, Tiv, Ẹ̀dó, Ewe. Bí ilé ìpamọ́ kan bá wà tí yóò gba irú àlàyé bẹ́ẹ̀ wọ inú ìwé àkójọ rẹ̀, kí ó san owó rẹ̀ bí ó ti ń san owó ẹni tí ń fọ fíìmù.

Ó ku ibi tí ó le. Bí a bá kágò tí onílé dáhùn pé kí a má wọlé ńkọ́? A kò rò pé ìdáhùn kan ṣoṣo bá gbogbo rẹ̀ mu. Bí ó bá jẹ́ ojú aláìsàn, ìhòòhò ènìyàn, tàbí ojú ẹni tí ń kú lọ, tí ará ilé sì ní rárá, ó yẹ kí a fi í sílẹ̀, kí olùdarí wá ọ̀nà mìíràn sọ ìtàn rẹ̀; kò sí fíìmù tí ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá báyẹn ni yóò bà á jẹ́. Bí ó bá jẹ́ pé ẹni tí ó ní kí a má wọlé ni apànìyàn tàbí ọmọ rẹ̀, tí ó ń bẹ̀rù ìtìjú, a ó gbọ́ ohun tí ó ní í sọ, a ó sì wọlé. Àárín àwọn méjèèjì ni ọ̀pọ̀ ọ̀rọ̀ wà: ọmọ méjì tí wọn kò gbọ́ ara wọn yé, èyí àgbà ní kí a fi baba àwọn hàn kí ayé lè mọ̀ ọ́n, àbúrò ní ó tó gẹ́ẹ́. Nínú irú rẹ̀, àwa yóò dúró ti ẹni tí ìpalára náà yóò bá lára jù, a ó sì kọ orúkọ àwọn méjèèjì àti ohun tí wọ́n sọ sínú ìwé àkójọ, kí ẹni tí yóò wá àwòrán náà ní ogún ọdún sí i lè mọ ilẹ̀kùn tí yóò kàn.